Ọkùnrin Tó Máa Ń Kú Nínú Fíìmù

Lọ́dún tí bàbá tó bí Mummy kú, ohun kan ṣoṣo ni èmi àti Daddy ń retí nínú ilé wa: kí Mummy sunkún. Ó lè dún bí ọ̀rọ̀ ìkà létí ẹni tí kò bá mọ Mummy. Obìnrin tó máa ń sunkún bí wọ́n bá ń kọrin ìyìn ní ṣọ́ọ̀ṣì, tó sunkún lọ́jọ́ tí mo ṣe igi nínú eré Kérésì iléèwé wa, tó lè sunkún nítorí ọmọ aládùúgbò tó ṣubú lórí kẹ̀kẹ́, òun náà ni wọ́n pè láti Iléṣà lọ́sàn-án ọjọ́ kan tó ń ro póńdò lọ́wọ́. Ó gbọ́ ọ̀rọ̀ náà tán, ó ní, "Ó dáa, mo ti gbọ́, ẹ ṣeun," ó gbé fóònù kalẹ̀, ó sì ń ro póńdò rẹ̀ lọ títí tó fi jinná. A jókòó, a jẹ ẹ́. Daddy wo ojú mi, èmi náà wo ojú Daddy. Láti ọjọ́ náà ni orin ti dákẹ́ nílé wa. Tẹ́lẹ̀, orin Mummy ló máa ń jí wa kí aago tó dún, orin tí kì í parí torí pé á ti gbàgbé ẹsẹ kejì, á sì tún padà sí ègbè. Nígbà tí mo jí láàárọ̀ ọjọ́ kejì tó jẹ́ pé aago ni mo gbọ́, ẹ̀rù bà mí.

Mo mọ̀ pé ó yẹ kí n máa pe Mummy ní "wọ́n" nínú ìwé yìí bí ọmọ tó gbẹ̀kọ́. Ọmọ London ni mí, Mummy ti bá mi jà lórí rẹ̀ títí ó fi sú u, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi mí sílẹ̀. Àjà kẹta la wà, nínú ọ̀kan lára àwọn ilé kọnkéré tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ Yarnton Way ní Thamesmead. A ò ní àgbàlá bí ti àwọn tó dàgbà ní ilé. Ọ̀dẹ̀dẹ̀ gígùn tó kọjá níwájú ìlẹ̀kùn gbogbo wa ni àgbàlá wa, ibẹ̀ la ti ń ṣeré tẹ̀ǹ-tẹ́, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń sá aṣọ, ibẹ̀ sì ni afẹ́fẹ́ ti máa ń súfèé láti àárọ̀ ṣúlẹ̀ bí ẹni tó ń pe ajá rẹ̀. Líìfùtù máa ń kérora kó tó gbéra, lọ́jọ́ tó bá gbéra. Àwọn pẹ́pẹ́yẹ ńlá inú adágún á máa pariwo mọ́ ara wọn nísàlẹ̀. Bọ́ọ̀sì ni Daddy ń wà, ó sì lè jẹ́ ọ̀sán ni yóò sùn, nítorí náà mo ti mọ bí wọ́n ṣe ń fọ abọ́ láìjẹ́ kí abọ́ kan abọ́, mo mọ bí wọ́n ṣe ń fi èjìká ti ìlẹ̀kùn kó má baà gbá. Lónìí, bí mo bá sọ̀kalẹ̀ nínú ọkọ̀ ojú irin ní Woolwich tí mo wọ bọ́ọ̀sì lọ kí Mummy, mo máa ń kọjá ibi tí ilé náà wà. Wọ́n ti wó ẹ̀gbẹ́ kan, wọ́n ti kọ́ ilé onígíláàsì síbẹ̀. Àwọn kan máa ń fẹ́ kí n bá wọn kẹ́dùn. Ẹni tó bá sùn nínú òtútù ilé yẹn rí kò ní purọ́ pé àárò rẹ̀ ń sọ òun. Àwọn èèyàn ibẹ̀ ni àárò wọn ń sọ mí.

Ọ̀kan nínú wọn ni Daddy Ettore. Ará Italy ni, ilé rẹ̀ kò jìnnà sí tiwa lórí ọ̀dẹ̀dẹ̀ kan náà. Iṣẹ́ ìtọ́jú àwọn arúgbó ni Mummy ń ṣe, ilé iṣẹ́ rẹ̀ ló sì rán an sí i pé kó máa wẹ̀ ẹ́ láàárọ̀, kó wọ aṣọ fún un, kó fún un lóògùn. Bí Mummy bá ṣe iṣẹ́ ìjọba tán, á wá bẹ̀rẹ̀ tirẹ̀: á mú bàbá náà wá sílé wa lọ́jọ́ Sunday kó wá jẹun, ó ní òun ò lè jókòó ti ìkòkò ọbẹ̀ kí àgbàlagbà máa dá jẹ búrẹ́dì lẹ́gbẹ̀ẹ́ òun. Ọbẹ̀ tirẹ̀ ní ìkòkò ọ̀tọ̀, ìkòkò kékeré tí kò rí ata rí, torí dókítà ní inú rẹ̀ kò gba ata. Òyìnbó ni gbogbo wa ń bá a sọ, òyìnbó tòun gan-an sì kún fún Italian, èmi ni mò ń tú u sí Yorùbá níhìn-ín. Yorùbá tí ó gbọ́ kò kọjá ọ̀rọ̀ oúnjẹ.

Òṣèré ni. Kì í ṣe irú òṣèré tí wọ́n ń lẹ àwòrán rẹ̀ mọ́ ògiri. Ó jẹ́ irú èyí tí èèyàn máa ń rí tí á ní, "Háà, mo mọ ojú ọkùnrin yìí," tí kò ní rántí orúkọ. Ó sọ fún mi pé bàbá òun ń gẹrun ní ìlú kékeré kan létí òkun, pé kẹ́tẹ́kẹ́tẹ́ ló ta òun nípàá nímú tí imú òun fi wọ́ sí ẹ̀gbẹ́ kan. Ó lọ sí Rome láti máa gbé àga níbi tí wọ́n ti ń ya fíìmù. Ọ̀gá kan rí imú náà, ó ní, "Ìwọ, gbé àga yẹn sílẹ̀, wá ṣe olè." Imú yẹn ló bọ́ ọ láti ọjọ́ náà. Ó ṣe olè, ó ṣe ọlọ́ṣà orí ẹṣin, ó ṣe wọ́dà, ó ṣe àlùfáà tó ń pa èèyàn ní májèlé. Nínú gbogbo wọn ó máa ń kú. "Ojú mi yìí," á ní, "ojú ẹni tó gbọ́dọ̀ kú kí fíìmù tó parí ni." Ohùn rẹ̀ pàápàá kì í sí nínú àwọn fíìmù náà. Nígbà yẹn lọ́dọ̀ wọn, wọ́n á ya àwòrán tán, wọ́n á wá pe ẹlòmíràn tí ohùn rẹ̀ dùn kó wá sọ̀rọ̀ lé e lórí. Mo ní ṣé kò dùn ún ni. Ó ní ó dun òun díẹ̀, pé nígbà kan òun wà ní sinimá tí òun ń wo bí òun ṣe ń kú, ẹni tó jókòó ti òun sì ń sọ fún ìyàwó rẹ̀ pé ohùn ọkùnrin yìí mà dára o. Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi ń wúkọ́.

Iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kan ló gbé e wá sí London, wọ́n ní kó wá ṣe alásè nílé oúnjẹ. Níbẹ̀ ló ti pàdé Margaret, ọmọ Woolwich tó ń rán aṣọ fún àwọn òṣèré. Kò padà mọ́. Wọn ò bímọ. Margaret kú, iṣẹ́ náà sì ń tán lọ: lẹ́yìn alásè, ó di agbáwo, lẹ́yìn agbáwo ó di ẹni tó gbé áìsìkiriìmù kọjá lẹ́yìn àwọn tó ń sọ̀rọ̀, lẹ́yìn ìyẹn fóònù kò dún mọ́. Kò sọ ọ́ bí ẹni tó ń bínú. Inú bí mi ju òun lọ.

Ní ọjọ́ Saturday kan ló kọ́ wa bí wọ́n ṣe ń kú. Èmi àti àwọn ọmọ ọ̀dẹ̀dẹ̀ la bẹ̀ ẹ́. Ó jókòó sórí àga rẹ̀ níwájú ìlẹ̀kùn, ó fi ọ̀pá ìtìlẹ̀ rẹ̀ tọ́ka sí wa. "Ẹ má sáré kú," ó ní. "Ẹni tó bá ń sáré kú, kò sẹ́ni tó máa gbà á gbọ́. Ẹ kọ́kọ́ wo nǹkan kan tó máa ṣòro fún yín láti fi sílẹ̀. Ó lè jẹ́ èèyàn, ó lè jẹ́ bàtà yín. Ẹ wò ó dáadáa. Kí ọwọ́ wá rọ̀. Ojú ló máa kẹ́yìn." Ó kọ́ wa bí a ṣe máa fi ikùn mí tí àyà kò ní mira. Ó ní ìpéǹpéjú ló máa ń ṣòro fún òun, pé kò sí bí òun ṣe ṣe é tí kì í gbọ̀n díẹ̀. Nígbà tó kàn mí, mo wo pẹ́pẹ́yẹ kan nísàlẹ̀ tìfẹ́tìfẹ́, mo ṣubú, mo kú. Mo kú dáadáa. Mò ń gbọ́ tí àwọn tó kù ń pàtẹ́wọ́, mi ò mira.

Ohun tí mo tún gbọ́ ni pé àpò iṣu já lulẹ̀. Mummy ń bọ̀ láti ọjà Woolwich.

"Jéésù! Títí! Dìde! Dìde kíá! Ta ló kú? Ta ló ní kó o kú?" Etí ló fi gbé mi dìde.

"Mummy, it's just acting!"

"Acting ti bàbá ta ni? Ẹ̀mí ò mọ acting! Back to sender, in Jesus' name!" Ó gbọn ìdọ̀tí ara aṣọ mi bí ẹni tó ń lé eṣinṣin, ó wá yíjú sí Daddy Ettore. "Ẹ̀yin náà, Daddy Ettore, no more dying. Ẹnikẹ́ni ò gbọ́dọ̀ kú mọ́ nílé mi, kò gbọ́dọ̀ kú ní corridor mi. Ẹ ti kú tó!"

Bàbá náà gbé ọwọ́ lé àyà, ó tẹrí ba bíi sójà. Ó ní, "Signora," bí wọ́n ṣe ń pe màdáámù lọ́dọ̀ wọn, "mo ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu ikú."

Ìyẹn kò tó fún Mummy. Ó bá a wọlé, ó gbé ọwọ́ lé e lórí, ó ní kó dárúkọ ikú tí ó ti kú, kí àwọn máa fagi lé e lọ́kọ̀ọ̀kan. Daddy Ettore di ojú. Ìbọn, ó ní. Mummy ní, "Cancelled!" Ó jábọ́ lórí ẹṣin. "Cancelled!" Wọ́n gbé e jù sínú kànga. Mummy là ojú, ó ní, "Kànga kẹ̀? Kí lẹ ṣe fún wọn?" ó tún ojú dì, ó ní, "Cancelled!" Wọ́n wà lórí ẹ̀ fún ìgbà pípẹ́. Mo rò nígbà yẹn pé ó ń fi Mummy ṣe yẹ̀yẹ́. Ní báyìí tí èmi náà ti ń dàgbà, mo rò pé inú rẹ̀ ń dùn ni, torí ó ti pẹ́ tí ẹnikẹ́ni ti bi í léèrè nípa fíìmù rẹ̀. Mi ò sì lè fi Mummy rẹ́rìn-ín bí mo ṣe máa ń ṣe. Obìnrin tó ń tọ́jú arúgbó jẹun ti bá ikú gidi pàdé lórí bẹ́ẹ̀dì ju bí ó ṣe ń sọ fún wa lọ. Bí ó bá rí ayédèrú rẹ̀ lórí ọ̀dẹ̀dẹ̀, kò lè pè é ní eré.

Kò pẹ́ lẹ́yìn ìyẹn ni ìròyìn ti Iléṣà dé, tí póńdò jinná, tí orin dákẹ́. Mummy ni àkọ́bí bàbá rẹ̀, àmọ́ ìwé ìgbélùú rẹ̀ wà lọ́wọ́ ìjọba, bó bá jáde kò ní lè wọlé padà sọ́dọ̀ wa. Wọ́n sin bàbá láìsí i níbẹ̀. Ẹnìkan tó ń bọ̀ láti ilé ló bá wa gbé kásẹ́ẹ̀tì fídíò ìsìnkú náà wá. Láti ìgbà yẹn, gbogbo Sunday tí a bá ti ṣọ́ọ̀ṣì dé, kí gèlè tó kúrò lórí, Mummy á ti kì í bọ ẹ̀rọ. Mo mọ̀ ọ́n bí ẹni mọ ojú ọ̀nà iléèwé. Bàbá àgbà á wà lórí bẹ́ẹ̀dì ní pálọ̀, nínú léèsì funfun, fìlà lórí, àwọn èèyàn á máa tò kọjá. Lẹ́yìn náà ni etí sàréè. Pásítọ̀ á ní kí àkọ́bí wá da yẹ̀pẹ̀. Uncle Dáyọ̀, àbúrò Mummy, á bọ́ síwájú, á ní, "Lórúkọ Àǹtí wa Fúnmi, tó wà ní London." Níbẹ̀ ni Mummy á ti yí i padà sẹ́yìn. Ẹ̀rọ á kùn, yẹ̀pẹ̀ á fò láti inú sàréè padà sí ọwọ́ Uncle Dáyọ̀, wọ́n á tún dà á. Omi kò ní bọ́ lójú Mummy. Ó ń rù. Daddy gbé kásẹ́ẹ̀tì náà sórí kọ́bọ́ọ̀dù lọ́jọ́ kan. Mummy gbé àga, ó gùn ún, ó mú un sọ̀kalẹ̀, kò tilẹ̀ bi ẹnikẹ́ni pé ta ló gbé e síbẹ̀. Daddy sọ fún mi ní kíṣìnnì pé, "Títí, tí ó bá lè sunkún lẹ́ẹ̀kan, á dáa fún un. Ó ti dì sínú rẹ̀." Mo gbìyànjú. Mo gé àlùbọ́sà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ bí aṣiwèrè.

Daddy Ettore mọ̀ pé bàbá Mummy kú, ó ti bá a kẹ́dùn. Ti kásẹ́ẹ̀tì ni kò mọ̀, torí pé a máa ń pa á kó tó wá jẹun. Ní Sunday kan ó tètè dé. Dòdò wà lórí iná, Mummy wà ní kíṣìnnì, mo ń to àwo, fídíò sì ń lọ níbi tí bàbá àgbà ti dùbúlẹ̀ ní pálọ̀. Daddy Ettore jókòó, ó wo tẹlifíṣọ̀n. Ó fa àga sún mọ́ ọn. Nígbà tí Mummy wọlé tó ń nu ọwọ́, bàbá náà na ìka sókè pé kí a dákẹ́, bí wọ́n ṣe máa ń ṣe níbi iṣẹ́ wọn.

"Ẹ wo ọkùnrin yìí," ó ní. "Ẹ wò ó! Àyà kò mira. Ìpéǹpéjú kò gbọ̀n. Àwọn èèyàn yìí ń kọjá lára rẹ̀, eṣinṣin bà lé e, kò mira! Signora, ta ni òṣèré yìí? Látọjọ́ tí mo ti dáyé, mi ò tíì rí ẹni tó kú dáadáa báyìí."

Dòdò ń jó nínú epo. Mummy ní, "Bàbá mi ni."

Inú bàbá náà tún wá dùn sí i. "Òṣèré ni bàbá yín? Ẹ ò sọ fún mi!"

Èmi ni mo sọ ọ́. Mo ní, "Daddy Ettore, no. It's the funeral. He's actually dead."

Mi ò fẹ́ rí irú ojú tó ṣe mọ́. Ó gbìyànjú láti dìde, kò lè dìde, torí Mummy gan-an ló máa ń fà á dìde. Ó di apá àga mú, ó ń sọ̀rọ̀ ní Italian. Tí mo bá sọ ìtàn yìí fún àwọn ọ̀rẹ́ mi òyìnbó, wọ́n á ní báwo lèèyàn ṣe lè ṣe irú àṣìṣe bẹ́ẹ̀. Ilé wa nìkan ló ti lè ṣẹlẹ̀. Ilé wo ni òkú ti ń sùn lórí tẹlifíṣọ̀n lọ́sàn-án Sunday tí wọ́n ń din dòdò, ta sì ni ó tún wà láyé tí á wo òkú tí iṣẹ́ ọwọ́ á wù ú?

Mummy bú sẹ́rìn-ín. Ó rẹ́rìn-ín títí ó fi jókòó sílẹ̀, ó ń gbá ilẹ̀, ó ní, "Ó kú dáadáa! Bàbá mi kú dáadáa!" Èmi àti Daddy dúró, a ń retí pé ẹkún ló máa gbẹ̀yìn ẹ̀rín náà. Kò wá. Ó dìde, ó lọ sọ dòdò kalẹ̀, ó padà dé, ó ní, "Ẹ jẹun, Daddy Ettore, ẹ má worry, ẹ ò mọ̀." Bàbá náà kò lè gbé nǹkan kan mì.

Ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e ni ìsinmi iléèwé, Daddy sì ń sùn lọ́sàn-án, nítorí náà mo ń bá Mummy lọ síbi iṣẹ́. Mo jókòó sórí àpótí lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìlẹ̀kùn yàrá Daddy Ettore nígbà tí Mummy ń fá irùngbọ̀n rẹ̀. Ó tún bẹ̀bẹ̀, ó wá ní, "Ẹ jẹ́ kí n ṣe é fún yín. Màá dùbúlẹ̀. Màá jẹ́ bàbá yín, kí ẹ wá ṣe ohun tí àkọ́bí ń ṣe. Mo ní ojú ẹ̀."

Mummy gbé abẹ kúrò lẹ́rẹ̀kẹ́ rẹ̀. "God forbid! Ẹ fẹ́ kú fún mi? Pẹ̀lú BP yín yìí? Daddy Ettore, a ti cancel ẹ̀!"

"Ohun kan ṣoṣo tí mo mọ̀ ọ́n ṣe nìyẹn."

"Ẹ lọ kọ́ òmíràn."

Ó fá a lọ díẹ̀. Bàbá náà wá bi í pé, "Báwo ló ṣe máa ń jókòó?"

"Ta ni?"

"Bàbá yín. Báwo ló ṣe máa ń jókòó?"

Mo rò pé Mummy máa bínú. Ó ṣan abẹ nínú omi, ó tún un ṣan. Ó ní, "Ó máa ń na ẹsẹ̀ ọ̀tún síta. Ọ̀kadà ló gbé e ṣubú, orúnkún yẹn kò ká mọ́." Bó ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Láràárọ̀ ló máa ń ní ìbéèrè kan tàbí méjì, kékeré báyìí. Kò béèrè pé ṣé èèyàn dáadáa ni, kò béèrè ohun tí àwọn àlejò máa ń béèrè. Ó fẹ́ mọ ibi tí bàbá náà máa ń kọ́ fìlà sí. Ó fẹ́ mọ bó ṣe máa ń wúkọ́. Mummy á ní òun ò rántí, á fún kànrìnkàn, á wá rántí. Báyìí ni èmi náà ṣe mọ bàbá àgbà mi tí mi ò rí rí: tẹ́lọ̀ ni, téèpù ìwọnṣọ kì í kúrò lọ́rùn rẹ̀ àní nígbà tó bá ń jẹun; kì í wọlé láìfi àtẹ́lẹwọ́ gbá férémù ìlẹ̀kùn kó sì húkọ́, kí àwọn ọmọ tó ń hùwà burúkú lè rí àyè sá; kì í sọ̀rọ̀ títí fìlà á fi kúrò lórí; bí inú bá ń bí i, á pe Mummy ní Fúnmiláyọ̀, bí inú bá dùn, Àbẹ̀kẹ́. Mo rí i pé Daddy Ettore ti bẹ̀rẹ̀ sí í na ẹsẹ̀ ọ̀tún síta nílé wa. Daddy ní, "Kí ló ṣe ẹsẹ̀ yín, sir?" Ó ní òtútù ni. Mummy ti ń kùn orin díẹ̀díẹ̀ bó bá ń fọ aṣọ. Síbẹ̀, tí Sunday bá dé, kásẹ́ẹ̀tì á wọlé, Uncle Dáyọ̀ á da yẹ̀pẹ̀, ojú Mummy á gbẹ bí ilẹ̀ ọ̀gbẹlẹ̀.

Ó ti pẹ́ tí Daddy Ettore ti kú, ikú gidi, lójú oorun, ní hospital. Mummy ló wọ aṣọ fún un. Kò sí ìwé ìròyìn tó gbé e. Nígbà míràn mo máa ń rí i nínú fíìmù àtijọ́ lórí fóònù mi, wọ́n á ti yìn ín níbọn kí n tó pe àwọn ọmọ mi pé kí wọ́n wá wò ó. Mo máa ń sọ fún wọn pé kò sí èyí tó dára nínú wọn bí iṣẹ́ tó ṣe kẹ́yìn, èyí tí ẹnikẹ́ni kò yà.

Sunday kan ni. A ti ti ṣọ́ọ̀ṣì dé, Daddy kò lọ síbi iṣẹ́, Mummy bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ níwájú ẹ̀rọ, kásẹ́ẹ̀tì wà lọ́wọ́ rẹ̀. A gbọ́ àtẹ́lẹwọ́ lára férémù ìlẹ̀kùn, pá, pá, ẹnìkan sì húkọ́. Ọwọ́ Mummy dúró sójú kan. Mo lọ ṣílẹ̀kùn.

Daddy Ettore ni, àmọ́ kò wo ojú mi. Kò mú ọ̀pá dání. Kò kun ojú, kò wọ agbádá, kòòtù búráùn tirẹ̀ ló wọ̀, fìlà òwú dúdú rẹ̀ sì wà lórí. Téèpù ìwọnṣọ Margaret wà lọ́rùn rẹ̀. Ó wọlé pẹ̀lú ẹsẹ̀ ọ̀tún gbọnrangandan, ó rọra ń rìn bí ẹni tó ni ilé. Gbogbo ọ̀dẹ̀dẹ̀ yẹn ló rìn láìdi nǹkan mú. Ó ṣí fìlà. Ó wo ògiri wa títí, kò rí ìṣó, ó fi í kọ́ igun tẹlifíṣọ̀n. Ó jókòó sórí àga Daddy, ó na ẹsẹ̀ síta, ó mí kanlẹ̀. Lẹ́yìn náà ló pè é, bí ará Italy ṣe lè pè é:

"Àbẹ̀kẹ́."

Orúnkún méjèèjì ni Mummy fi kanlẹ̀. Kásẹ́ẹ̀tì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

"Bàbá," ó ní. "Bàbá, ẹ káàbọ̀, sà."

Mummy ní, "Bàbá, mi ò wá. Wọ́n sin yín, mi ò sí níbẹ̀. Ìwé mi ò tíì jáde, Bàbá, wọ́n ní tí n bá lọ mi ò ní lè padà, ọmọ mi wà níbí. Mo fẹ́ wá. Ẹ má bínú, sà. Èmi ni àkọ́bí yín, Dáyọ̀ ló da yẹ̀pẹ̀, Dáyọ̀ ló dà á..." Ẹkún náà dé. Mi ò tíì gbọ́ irú rẹ̀ rí lẹ́nu àgbàlagbà, ó dún bí nǹkan tó ya. Daddy dìde láti lọ gbá a mú, ó tún jókòó. Daddy Ettore tẹ̀ síwájú, ó gbé ọwọ́ lé gèlè rẹ̀, ó ń gbọ́ ọ. Kò gbọ́ Yorùbá, mo mọ̀, mo sì lè búra pé kò sí ọ̀rọ̀ kan tó bọ́ sílẹ̀ nínú ohun tí Mummy sọ. Mo sunkún. Daddy náà sunkún, ó ń ṣe bíi pé catarrh ni.

Nígbà tó ṣe, Mummy fi ìró nu ojú, ó wọ kíṣìnnì. A gbọ́ tó ń lọ ata, ẹ̀rọ pariwo títí. Ó gbé tíréè jáde: ẹ̀bà, ọbẹ̀ pupa tí ata rodo rẹ̀ ti ń ta wá nímú kó tó dé ọ̀dọ̀ wa, omi ìfọwọ́ nínú abọ́. Ìkòkò kékeré kò sí lára rẹ̀. Mo fẹ́ pariwo pé dókítà ní kó má jẹ ata, Daddy di ọwọ́ mi mú. Mummy kúnlẹ̀, ó gbé e síwájú rẹ̀, ó sì wà lórí ìkúnlẹ̀ níbẹ̀.

Mi ò mọ ohun tó wà lọ́kàn Mummy nígbà yẹn, èmi tí mo jẹ́ ọmọdé. Mo ti mọ̀ ọ́n báyìí. Ó kúrò nílé kó lè tọ́jú bàbá rẹ̀ ni. Gbogbo ọdún tó fi ń wẹ àwọn arúgbó ẹlòmíràn, tó ń fi ṣíbí bọ́ wọn, aṣọ ló ń fi ránṣẹ́ sílé, oògùn ló ń fi ránṣẹ́, kò tíì gbé àwo oúnjẹ kan ṣoṣo síwájú bàbá tirẹ̀ láti ọjọ́ tó ti wọ ọkọ̀ òfuurufú. Yẹ̀pẹ̀ kọ́ ló ń dùn ún.

Daddy Ettore fọ ọwọ́. Ó bu òkèlè, ó tì í bọ ọbẹ̀, ó gbé e mì. Ojú rẹ̀ pọ́n, etí rẹ̀ pọ́n, omi ń dà lójú rẹ̀ sórí imú tó wọ́ yẹn, ó tún bu òmíràn. Mummy ń wo ẹnu rẹ̀ bó ṣe ń jẹ ẹ́. Ó jẹ ẹ́ kanlẹ̀, ó fi òkèlè tó kẹ́yìn nu àwo.

"Bàbá," Mummy ní, "ṣé kí n bù sí i?"

Ó wo àwo tó ṣófo. Ó wò mí, ojú tó fi wò mí sì jẹ́ ti Daddy Ettore fúnra rẹ̀, arúgbó tí inú ń jó bí iná, tó mọ bí ọ̀la ṣe máa rí fún òun. Lẹ́yìn náà ó gbé àwo náà, ó nà án sí Mummy.

"Bù sí i," ó ní.